Erùpẹ̀ Tútù Láti Ìdóko

"Ìgbòho. Òjò wẹ́ẹ́rẹ́, láti ọ̀sán títí di ìrọ̀lẹ́. Ṣé o gbà?"

"Mo gbà."

"Òkè-Amù. Òjò ńlá, láti ọ̀sán títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Ṣé o gbà?"

"Mo gbà."

Báyìí ni Ìbíyẹmí ṣe ń dáhùn láti ìgbà tí ilẹ̀ ti mọ́. Apínjò, ẹ̀rọ tó ń pín òjò fún gbogbo Òkè-Ògùn, kì í rẹ̀ ẹ́ ní tirẹ̀. Ohùn rẹ̀ tutù minimini, kì í yára, kì í sì í fà. Ohun tí gbogbo ọ̀mọ̀ràn ìlú kò lè rò tán lọ́dún kan, ó ti rò ó tán kí ẹni tó wà níwájú rẹ̀ tó sín. Síbẹ̀, kò lè rọ ẹ̀kán òjò kan ṣoṣo láìjẹ́ pé ẹnu ènìyàn ní kó rọ ọ́, nítorí òfin ti sọ ọ́ pé ẹ̀rọ kò gbọdọ̀ dá rọ òjò lé ọmọ ènìyàn lórí. Ẹnu ènìyàn yẹn ni Ìbíyẹmí. Ẹlẹ́nu Òjò là ń pè é. Ẹni tó bá gbọ́ oyè yẹn á rò pé ìjókòó lásán ni iṣẹ́ náà, kí èèyàn fẹ̀yìn ti àga, kó máa sọ "mo gbà, mo gbà" bí ìyàwó tó dúró níwájú àlùfáà. Kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ wá jókòó síbẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan, ká wá wo ohun tí yóò sọ.

Láti ojú fèrèsé Ilé Òjò, tí wọ́n kọ́ sórí àpáta, Ìbíyẹmí ń rí àwọsánmà tí àwọn ọkọ̀ òfuurufú kéékèèké ń dà bọ̀ láti ìhà gúúsù bí ẹni ń da màlúù. Àkọ́rọ̀ òjò ni. Àwọn àgbẹ̀ ti kọ ebè, wọ́n ti gbé irúgbìn jáde, gbogbo wọn ń wojú ọ̀run. Àwọn ọkọ̀ yẹn kò lè dá àwọsánmà náà dúró kọjá ìgbà tí oòrùn bá wọ̀. Tí àwọsánmà náà kò bá rọ̀ lónìí, yóò lọ sọ́dọ̀ àwọn ará ìlú tó kàn, àwa yóò sì máa jẹ erùpẹ̀ títí oṣù mìíràn yóò fi lé.

Ọ̀já tín-ín-rín kan wà níwájú orí obìnrin náà. Bí orí ẹni bá mọ́, ọ̀já á funfun. Bí kùrukùru bá ti bo orí, bí ọpọlọ bá ti ṣiṣẹ́ dé ibi tí kò lè mú ọ̀rọ̀ dání mọ́, ọ̀já á di àwọ̀ eérú, Apínjò kò sì ní gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu olúwarẹ̀ mọ́ àfi bí ẹlẹ́rìí bá dúró fún un. Ẹni tó bá fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ pé kùrukùru wà lórí òun, tirẹ̀ tún le ju ìyẹn lọ. Ó di òjò ọdún tó ń bọ̀ kó tó tún fọhùn.

Ọ̀já Ìbíyẹmí funfun báláú. Kí ló máa ṣe tí kò ní funfun? Mátòògbé wà lẹ́yìn etí rẹ̀. Rọ́bà pẹlẹbẹ kan ni, ó rí bí ewé, Ilé Òjò ló ń há a fún àwọn òṣìṣẹ́. Èèyàn á lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀yìn etí, oorun á sì sá lọ bí olè tó rí ọdẹ. Látìgbà tí Làǹre igbákejì rẹ̀ ti gba ilé lọ, Ìbíyẹmí ló ń dá iṣẹ́ ẹni méjì ṣe. Ewé kan láàárọ̀, ọ̀kan lọ́sàn-án. Nígbà tó yá ó di méjì lẹ́ẹ̀kan náà.

Kì í ṣe oorun ló ń kùn ún. Ojú rẹ̀ là kedere. Ṣùgbọ́n ní ìjẹta ó wá ọ̀já orí rẹ̀ káàkiri yàrá, ó gbọn aṣọ ìbora, ó tẹríba wo abẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ọ̀já sì wà lórí rẹ̀. Lánàá ó bu omi sí gààrí, ó gbàgbé, ó tún bu òmíràn sí i, gààrí náà di ohun tí ewúrẹ́ nìkan lè mu. Ṣẹ̀yẹ, ọmọ rẹ̀ obìnrin tó wà ní ilé ẹ̀kọ́ ní Ìsẹ́yìn, pè é lórí fóònù, ó ń ròyìn ìdánwò rẹ̀ fún un, ìyá sì ń dá a lóhùn pé "mo gbà." Ọmọ rẹ́rìn-ín, ìyá náà rẹ́rìn-ín. Lójú tèmi, kò sí èyí tó pani lẹ́rìn-ín níbẹ̀.

Àárọ̀ ọjọ́ àkọ́rọ̀ òjò yìí gan-an ni Làǹre dé láti ìlú rẹ̀, Ìdóko.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí wọ́n ṣe ń kí ara wọn ní Ilé Òjò, nítorí ìkíni ibẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Ẹni tó bá ti ìlú kan dé, Ẹlẹ́nu Òjò gbọ́dọ̀ bi í léèrè lọ́kọ̀ọ̀kan: ilé ńkọ́, ọ̀nà ńkọ́, oko ńkọ́, odò ńkọ́. Ẹni náà á dáhùn, á sì gbé agolo kékeré kan kalẹ̀. Erùpẹ̀ ìlú tó ti ń bọ̀ ló wà nínú agolo náà, kí Ẹlẹ́nu Òjò lè ti ìka bọ̀ ọ́, kó mọ bí ilẹ̀ ibẹ̀ ṣe gbẹ tó. Apínjò ní ojú lókè ọ̀run, ó ní etí tí wọ́n rì sínú gbogbo odò, ṣùgbọ́n kò ní ìka. Àwọn tó dá Ilé Òjò sílẹ̀ kì í ṣe òmùgọ̀.

Okùn dúdú wà lọ́rùn ọwọ́ Làǹre nígbà tó wọlé. Ẹni tó bá so okùn yẹn ń ṣọ̀fọ̀, ẹni tó ń ṣọ̀fọ̀ kì í sì í bá òjò sọ̀rọ̀ títí ogójì ọjọ́ yóò fi pé. Ẹnì kan ló ṣe é láyé àwọn ìyá wa, tó ní kí òjò máa rọ̀ títí omijé òun yóò fi gbẹ, òjò náà sì fẹ́rẹ̀ẹ́ gbá ìlú méjì lọ. Nítorí náà, Làǹre kò wá gba iṣẹ́ lọ́wọ́ Ìbíyẹmí. Ó wá jíṣẹ́ ni.

Ìbíyẹmí ní ẹ kú àbọ̀, kò gbé ojú kúrò níwájú Apínjò. Ó bèèrè ilé. Làǹre ní ìyá òun kò tíì lè jẹun. Ìbíyẹmí ní a dúpẹ́. Ó bèèrè ọ̀nà, ó bèèrè oko, ó bèèrè odò.  Làǹre ní ògiri adágún àwọn ti ń sun omi láti ìsàlẹ̀, pé ibi tí ó ti ń sun yẹn gan-an ni ilẹ̀ ti wó lu àbúrò òun.

"A dúpẹ́," ni Ìbíyẹmí wí. "Bọ́lárìn náà ńkọ́? Ṣé ara rẹ̀ le?"

Bọ́lárìn ni àbúrò tí Làǹre lọ ṣọ̀fọ̀ rẹ̀. Òun ni adágún Ìdóko wà lọ́wọ́ rẹ̀ kí ilẹ̀ tó wó lù ú. Ìbíyẹmí fúnra rẹ̀ ló fún Làǹre láyè pé kó máa lọ jókòó ti ìyá wọn, nítorí a kì í jẹ́ kí ìyá dá wà nírú ìgbà bẹ́ẹ̀. Òun ló ra ìwé ìbánikẹ́dùn tí wọ́n fi tu ìdílé náà nínú. Gbogbo rẹ̀ kò tíì ju ọjọ́ mélòó kan lọ.

Làǹre wo ojú rẹ̀, ó wo ọ̀já orí rẹ̀. Ọ̀já funfun báláú. Bó bá jẹ́ pé ó di eérú ni, ọ̀rọ̀ náà ì bá má dùn ún tó bẹ́ẹ̀. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni, kò pariwo. Ó gbé agolo erùpẹ̀ rẹ̀ kalẹ̀ sórí tábìlì.

"Ibi tí a fi í sí náà ló wà, Ìyá Ṣẹ̀yẹ," ló sọ, ó sì jáde.

"Ẹ ṣé o," ni Ìbíyẹmí dáhùn, ó tún kọjú sí Apínjò.

Ẹ̀rọ náà ń pe ìlú lọ, obìnrin náà ń gbà lọ. Àmọ́ ọwọ́ kì í gbàgbé iṣẹ́ kíákíá bí orí ṣe ń gbàgbé. Bí ẹnu rẹ̀ ti ń ṣe tirẹ̀, ọwọ́ òsì rẹ̀ ti ṣí agolo Làǹre, nítorí ohun tí ọwọ́ yẹn máa ń ṣe nìyẹn bí agolo bá ti wà níwájú rẹ̀.

"Ìdóko," ni Apínjò wí. "Òjò ńlá, láti ọ̀sán títí ilẹ̀ yóò fi ṣú, kí adágún lè kún. Ṣé o gbà?"

"Mo..."

Ìka rẹ̀ ti wọ inú ẹrẹ̀.

Ó bojú wo agolo náà. Kò sí ẹrẹ̀ níbì kankan ní Òkè-Ògùn lásìkò yẹn. Gbogbo agolo tó wà lórí pẹpẹ lẹ́yìn rẹ̀, erùpẹ̀ gbígbẹ ló kún inú wọn bí gààrí. Kí ló rin èyí? Ó fi ìka méjì tẹ ẹ́, omi jáde nínú rẹ̀. Nígbà náà ni ọ̀rọ̀ Làǹre bẹ̀rẹ̀ sí í padà wá bá a, ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, bí ẹni tó jìnnà ṣe ń súnmọ́ni lójú ọ̀nà. Ògiri adágún. Ó ń sun omi. Ilẹ̀ wó lu àbúrò mi. Lẹ́yìn náà ló gbọ́ ohùn ara rẹ̀ tó ń bèèrè bóyá ara òkú le.

Ojú tì í débi pé ara rẹ̀ gbóná. Ẹ̀rù sì bà á ju bí ojú ṣe tì í lọ.

"N kò gbọ́ èsì," ni Apínjò wí. "Ṣé o gbà?"

"N kò gbà. Dúró."

Apínjò ní etí òun tó wà nínú adágún Ìdóko sọ pé àlàáfíà ni. Bẹ́ẹ̀ ni. Bọ́lárìn ló máa ń tọ́jú etí yẹn, ọ̀rọ̀ àlàáfíà tí ó rán kẹ́yìn ni etí náà ṣì ń tún sọ láti abẹ́ ilẹ̀ tó wó. Ìbíyẹmí kò bá ẹ̀rọ jiyàn. Ó ranṣẹ́ pe ọ̀gá.

Alága Adégòróyè, ọ̀gá Ilé Òjò, kì í sáré. Ọlá rẹ̀ àti ikùn rẹ̀ kì í jẹ́. Lọ́jọ́ yẹn ó sáré. Nígbà tó gbọ́ ẹjọ́, ó mí kanlẹ̀, ó ní ọ̀rọ̀ náà kò le tó bẹ́ẹ̀. Kí Ìbíyẹmí yọ Ìdóko kúrò, kó fi ti àwọn ìlú yòókù sílẹ̀ bó ṣe wà, kí òjò bẹ̀rẹ̀.

"Ti Ìdóko ni mo rí, Bàbá Alága," ni Ìbíyẹmí wí. "Èyí tí n kò rí ńkọ́?"

Alága ní èwo ni kò rí. Ìbíyẹmí ní bóun bá mọ̀ ọ́n, a jẹ́ pé òun ti rí i nìyẹn. Ó ní kó bi òun ní ohunkóhun tí òun gbà láàárọ̀, ó ṣe tán Apínjò ti kọ gbogbo rẹ̀ sára ògiri níwájú Alága. Alága wo ògiri, ó bèèrè irú òjò tó fún Ìgbòho. Ìbíyẹmí rò ó, ó rò ó títí, ó ní òjò ńlá. Alága tún wo ògiri náà, òjò wẹ́ẹ́rẹ́ ló wà níbẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ló wo ọ̀já orí rẹ̀ bí ẹni ń wo aago tó ti kú.

"Ọ̀já yìí kì í mọ̀ bóyá mo rántí," ni Ìbíyẹmí wí. "Bóyá mo jí nìkan ló ń mọ̀. Ewé yìí ló sì ń jí mi."

Ó na ọwọ́ sẹ́yìn etí, ó ṣí mátòògbé méjèèjì kúrò, ó lẹ̀ wọ́n mọ́ tábìlì. Alága náà gbé ọwọ́ lọ sẹ́yìn etí tirẹ̀ láìmọ̀, ó sì tètè sọ ọ́ kalẹ̀.

Alága rẹ ohùn sílẹ̀, ó yàgò fún etí Apínjò. Ó ní kó ṣọ́ ẹnu rẹ̀. Ó ní bí ọ̀rọ̀ kùrukùru bá fi lè ti ẹnu rẹ̀ jáde, tirẹ̀ ti tán títí di ọdún tó ń bọ̀, Làǹre wà nínú ọ̀fọ̀, kò sí ẹlòmíràn, àkọ́rọ̀ òjò lọ nìyẹn. Ohun tí Ìbíyẹmí náà ti ń rò nìyẹn. Bó bá sọ òtítọ́ pátá, kò ní sí òjò, ebi á dé. Bó bá ń gbà lọ bó ṣe ń gbà á, òjò á rọ̀, òun kò sì mọ ẹni tí yóò gbé lọ. Obìnrin tó mọyì ara rẹ̀ ni. Kò sí ẹni tó ṣe iṣẹ́ yẹn dáadáa tó o látìgbà tí wọ́n ti kọ́ ilé náà, òun gan-an mọ̀, kì í sì í fi pamọ́. Láàárín wákàtí kan péré ló wá rí i pé orí tó ń fi yangàn ti kúrò níbi iṣẹ́ láìdágbére.

Ṣùgbọ́n orí tó rẹ̀ kì í ṣe orí tó bàjẹ́. Èyí tó kù nínú rẹ̀ tó láti ronú ohun kan ṣoṣo, ó sì rò ó dáadáa.

"Èmi kò jẹ́wọ́ nǹkan kan o," ló wí sókè, kí Apínjò lè gbọ́. "Ọ̀já ní orí mi mọ́, ta ni èmi tí n óò bá ọ̀já jiyàn? Mo kàn fẹ́ lọ sùn ni. Ṣé òfin kan wà tó ní kí ẹni tórí rẹ̀ mọ́ má sùn lọ́sàn-án?"

 Bí Alága bá sọ pé irọ́ ni ọ̀já ń pa, wọn yóò bi í pé ta ló ti ń pín òjò látìgbà tí wọ́n ti ń há mátòògbé. Bó bá sì sọ pé òtítọ́ ni, obìnrin náà lẹ́tọ̀ọ́ láti sùn. Níkẹyìn ó ní òun á ní kí wọ́n máa dá àwọsánmà dúró títí oòrùn yóò fi fẹ́ wọ̀. Ó ní ṣùgbọ́n kí Ìbíyẹmí mọ̀ pé bí kò bá sí ewé lẹ́yìn etí, ọ̀já lè di eérú nígbà tó bá jí, ẹlẹ́rìí nìkan ni yóò sì kù. Òfin sọ pé ẹlẹ́rìí gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹni tó ti fi ẹnu ara rẹ̀ darí òjò rí. Ọ̀fọ̀ kò ní kó má jẹ́rìí.

Nínú gbogbo Ilé Òjò, ẹnì kan ṣoṣo ló bá àpèjúwe yẹn mu. Àwọn méjèèjì mọ̀ ọ́n, kò sì sí ẹni tó dárúkọ rẹ̀.

Ìbíyẹmí mu omi, ó mu ún dáadáa. Wọ́n bi í bóyá ẹ̀kọ ni yóò jẹ tàbí búrẹ́dì, ó ní kí wọ́n gbé èyí tó bá wù wọ́n wá, kí wọ́n jọ̀ọ́ má bi òun ní ìbéèrè. Láti òwúrọ̀ ló ti ń yan nǹkan fún odindi ilẹ̀ kan, kò sí yíyàn kankan tó kù nínú rẹ̀. Ó jẹ ẹ̀kọ tí wọ́n gbé wá. Ó bọ́ bàtà, ó rìn díẹ̀ lórí àpáta nínú oòrùn, kò ronú kan ohunkóhun. Lẹ́yìn náà ló wọ yàrá tí wọ́n ń kó ẹní sí, ó ta aṣọ dí fèrèsé, ó sì sùn.

Nígbà tó jí, orí ń fọ́ ọ díẹ̀, ara rẹ̀ sì wúwo. Ṣùgbọ́n ohun gbogbo wà ní ipò rẹ̀ nínú orí náà. Ó gbọ́ ẹyẹ kan tó ń ké lẹ́yìn ògiri, ó mọ̀ pé àdàbà ni. Ó rántí ìdánwò Ṣẹ̀yẹ, àti pé ọmọ náà sọ pé ẹ̀rù ń ba òun. Lẹ́yìn náà ló rántí Bọ́lárìn. Lọ́dún tó kọjá, ọmọkùnrin náà gbé ẹtù ààyè kan gun àpáta wá fún un. Ẹtù náà já mọ́ ọn lọ́wọ́, ó wọ yàrá Apínjò, ó fò lé ẹ̀rọ lórí, Bọ́lárìn sì ń lé e kiri, ó ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Apínjò. Ẹ̀rín tí gbogbo wọn rín lọ́jọ́ náà! Ìbíyẹmí jókòó sórí ẹní, ó sunkún ọmọ náà. Ẹkún tó yẹ kó ti sun láti ọjọ́ mélòó kan sẹ́yìn ni. Mátòògbé kò fún un láyè.

Oòrùn ti ń lọ sí ìsàlẹ̀ nígbà tó jáde. Ó bá Làǹre ní etí àpáta, ó jókòó, ó ń wo ọ̀nà ìlú rẹ̀. Ìbíyẹmí kúnlẹ̀ lórí orókún méjèèjì.

"Ẹ kú aráfẹ́rakù, Bọ̀ọ̀dá Làǹre. Ẹ má bínú sí mi."

Làǹre ní kó dìde. Kò dìde. Ó ní òun rántí ẹtù ọjọ́sí. Làǹre bojú wẹ̀yìn, ó nu omijé kúrò lójú. Wọ́n jọ sọ̀rọ̀ Bọ́lárìn fún ìgbà díẹ̀, wọ́n sì jọ sunkún rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni Ìbíyẹmí wá bẹ̀rẹ̀ ìkíni látìbẹ̀rẹ̀, bó ṣe yẹ kó ti ṣe é láàárọ̀.

Ó bèèrè ilé. Làǹre ní ìyá àwọn kò tíì lè jẹun. Ìbíyẹmí bèèrè ohun tí wọ́n ń fún un, ó ní bóyá kí wọ́n gbìyànjú ọ̀gì olómi, kí ẹni tí ìyá fẹ́ràn jù jókòó mu ún pẹ̀lú rẹ̀. Ó bèèrè ọ̀nà, ó bèèrè oko, ó ń dúró gbọ́ èsì ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ó wá bèèrè odò.

"Omi tó ń sun lábẹ́ ògiri yẹn, ṣé ó mọ́ ni tàbí ó pọ́n?"

"Ó pọ́n," ni Làǹre wí.

Bí omi bá mọ́, ṣe ni ògiri kàn ń làágùn. Bó bá pọ́n, a jẹ́ pé omi ti ń jẹ ògiri nínú.  Ìbíyẹmí bèèrè odò wo ló ń wọ inú adágún náà. Làǹre ní odò tó ń ti Òkè-Amù ṣàn wá ni. Bó ṣe dárúkọ ibẹ̀ ni àwọn méjèèjì wo ara wọn. Òkè-Amù, òjò ńlá, láti ọ̀sán títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Ó ti gbà á láàárọ̀. Ká ní wọ́n yọ Ìdóko nìkan kúrò bí Alága ṣe wí, omi Òkè-Amù ì bá sọ̀kalẹ̀ wá lóru wá ti ògiri yẹn ṣubú lé ìlú lórí.

Ìbíyẹmí dìde, ó gbọn erùpẹ̀ kúrò lórókún. Kò bẹ Làǹre kó wá jẹ́rìí òun. Kò tilẹ̀ mẹ́nu kàn án. Ó ní òun ń lọ síbi iṣẹ́, ó sì lọ.

Àwọsánmà ti ṣú dúdú lójú fèrèsé, àwọn ọkọ̀ kéékèèké ń yí wọn ká, ó hàn pé agbára wọn ti ń tán. Ìbíyẹmí jókòó, ó so ọ̀já mọ́ orí. Ọ̀já náà funfun díẹ̀, ó ṣe rànìnrànìn, ó sì di àwọ̀ eérú.

"Orí rẹ kò mọ́," ni Apínjò wí. "Ṣé ẹlẹ́rìí wà?"

Alága ti dúró sí ẹ̀gbẹ́ ògiri, ó ń wo ẹnu ọ̀nà. Òógùn bò ó. Ìbíyẹmí kò wo ẹnu ọ̀nà. Ó ń to àwọn agolo erùpẹ̀ síwájú rẹ̀ lórí tábìlì, ti Òkè-Amù, ti Ìdóko, ti Ìgbòho, ó ń to gbogbo wọn bí ẹni tó mọ̀ pé iṣẹ́ wà níwájú òun.

Làǹre wọlé. Ó dúró sí ibi tí ẹlẹ́rìí ń dúró sí, ó gbé ọwọ́ tí okùn dúdú wà sókè.

"Sọ̀rọ̀," ni Apínjò wí. "Ṣé orí obìnrin yìí pé?"

"Láàárọ̀, nígbà tí ọ̀já rẹ̀ funfun, ó bi mí bóyá ara àbúrò mi tó kú le," ni Làǹre wí. "Nísinsìnyí tí ó di eérú, ó ti bá mi sunkún rẹ̀, ó sì bi mí ní àwọ̀ omi tó pa á. Orí rẹ̀ pé."

  Alága Adégòróyè rọra na ọwọ́ sẹ́yìn etí, ó ṣí nǹkan kan kúrò níbẹ̀, ó fi í sápò.

"Mo ti gbọ́ ẹlẹ́rìí," ni Apínjò wí. "Mo bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Ìgbòho. Òjò wẹ́ẹ́rẹ́. Ṣé o gbà?"

 Ìbíyẹmí fa agolo Ìgbòho sọ́dọ̀, ó ṣí i, ó sì kọ́kọ́ ti ìka bọ̀ ọ́ kó tó dáhùn.